Mo kọ́ bí wọ́n ṣe ń fi ọwọ́ ṣe pásítà ní Bologna, ṣùgbọ́n èyí tí mo dá ṣe nílé lẹ̀ mọ́ra di òkìtì kan: ibo ni mo ti ṣì í?

Àdùkẹ́_Bologna
Ọjọ́ Àìkú, aago mẹ́sàn-án alẹ́

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o, ẹ̀yin ará wa. Ó ti lé ní ọdún kan tí mo ti ń kẹ́kọ̀ọ́ ní yunifásítì ìlú Bologna, ní àríwá Ítálì. Ojú sì máa ń tì mí bí àwọn tí a jọ ń gbé bá bi mí bóyá mo ti lè dá tagliatelle ṣe (pásítà ẹlẹ́yin tí wọ́n máa ń gé gbọọrọ, pẹlẹbẹ), nítorí pé ẹni tí ó bá gbé ìlú yìí tí kò mọ̀ ọ́n ṣe dà bí ẹni tí ó gbé Ìbàdàn tí kò mọ àmàlà rò. Ní Sátidé tí ó kọjá, mo sanwó, mo sì lọ kọ́ ọ nínú ilé ìyá àgbàlagbà kan tí ó máa ń gba ènìyàn mẹ́rin tàbí márùn-ún sínú ilé ìdáná rẹ̀. Ìyá náà ti lé ní ẹni àádọ́rin ọdún, ṣùgbọ́n apá rẹ̀ yi ju ti gbogbo àwa akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ lọ.

N ó kọ́kọ́ sọ ohun tí ó ṣe lójú wa. Kò fún wa ní ìwọ̀n kankan ju gbólóhùn kan ṣoṣo lọ: ẹyin kan, ìyẹ̀fun etto kan. (100 gíráàmù ni wọ́n ń pè ní etto níbí, bí wọ́n ṣe ń ra ẹran àti wàràkàṣì lọ́jà nìyẹn.) Ẹyin kọ̀ọ̀kan sì jẹ́ ti ẹnì kan. Ó da ìyẹ̀fun sórí pátákó ńlá kan, ó dá ihò sí àárín rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí àwọn bíríkìlà ṣe máa ń dá ihò sí àárín yanrìn àti sìmẹ́ǹtì kí wọ́n tó bu omi sí i, ó fọ́ ẹyin sínú ihò náà, ó sì ń fi àmúga lù ú bí ó ti ń fa ìyẹ̀fun wọ inú rẹ̀ díẹ̀díẹ̀ láti etí. Nígbà tí ó parapọ̀ tán, ó fi ìsàlẹ̀ àtẹ́lẹwọ́ tì í síwájú, ó ká a padà, ó yí i, ó tún tì í, títí di nǹkan bí ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Lẹ́yìn náà ni ó da abọ́ bò ó fún ọgbọ̀n ìṣẹ́jú, tí a sì mu kọfí. Ọ̀pá kan tí ó fẹ́rẹ̀ẹ́ gùn tó mítà kan, tí wọ́n ń pè ní mattarello, ni ó fi tẹ́ ẹ. Nígbà tí ó parí, ó gbé e sókè níwájú fèrèsé, ó ní ẹni tí ó bá tẹ́ ẹ dáadáa gbọ́dọ̀ lè rí San Luca láti ẹ̀yìn rẹ̀. Ṣọ́ọ̀ṣì orí òkè tí ó wà ní ẹ̀gbẹ́ ìlú ni San Luca, gbogbo ará Bologna ni ó sì mọ ọ̀rọ̀ yìí.

Tèmi dára lọ́dọ̀ rẹ̀. Lónìí ni mo dá a ṣe nílé, ojú sì tì mí. Ìyẹ̀fun 400 gíráàmù àti ẹyin mẹ́rin ni mo lò, ṣùgbọ́n ó gbẹ, kò fẹ́ parapọ̀, ni mo bá bu omi sí i. Bí ó ti parapọ̀ báyìí ni mo dá ọwọ́ dúró, nítorí pé ọ̀dọ̀ ìyá mi tí ń ta míìtì páì ni mo dàgbà sí, ó sì máa ń gbá mi lọ́wọ́ bí mo bá pò ó jù. Nígbà tí mo ń tẹ́ ẹ, ó ń sún kì padà bí rọ́bà, ó sì ń ya létí. Mo gé e bẹ́ẹ̀ náà, mo kó o sínú abọ́, mo fi náílọ̀n bò ó kí ó má baà gbẹ, mo sì lọ se ọbẹ̀. Nígbà tí mo fi máa padà dé lẹ́yìn wákàtí méjì, gbogbo rẹ̀ ti di òkìtì kan ṣoṣo. Mo sè é nítorí ìtìjú. Ẹ̀yìn rẹ̀ rà, inú rẹ̀ tutù. Ẹ jọ̀wọ́, ẹni tí ó bá mọ̀ ọ́n, kí ó ràn mí lọ́wọ́.


Ìyá_Tólú_Modena
Ọjọ́ Àìkú, aago mẹ́wàá kọjá ìṣẹ́jú mẹ́wàá

Àdùkẹ́ ọmọ mi, má banú jẹ́. Ilé iṣẹ́ kékeré kan tí wọ́n ti ń ṣe pásítà tútù ni mo ti ń ṣiṣẹ́ níbí láti ọdún mọ́kànlá sẹ́yìn, mo sì lè sọ fún ọ pé kò sí èyí tí o ṣe tí èmi náà kò ṣe rí. Àṣìṣe mẹ́ta ni mo rí nínú ọ̀rọ̀ rẹ, wọ́n sì so mọ́ra.

Èkíní ni ọwọ́ míìtì páì yẹn. Èyí tí ìyá rẹ kọ́ ọ tọ́ fún míìtì páì, òun gan-an ni ó sì ba pásítà jẹ́. Nínú ìyẹ̀fun àlìkámà, oríṣi purotéènì méjì kan wà tí wọ́n ń pè ní gliadin àti glutenin. Bí omi bá ti kàn wọ́n, tí ọwọ́ sì ń tẹ̀ wọ́n, wọn á máa so mọ́ ara wọn bí okùn àwọ̀n, àwọ̀n yìí sì ni gluten tí gbogbo ènìyàn ń sọ. Bí a bá ń ṣe míìtì páì, a kọ́kọ́ máa ń fi bọ́tà ra ìyẹ̀fun kí omi má baà tètè dé ara rẹ̀, a sì máa ń fi ọwọ́ kékeré pò ó, kí àwọ̀n náà má baà di, kí ó lè wó wẹ́wẹ́ lẹ́nu. Pásítà kò ní bọ́tà, àwọ̀n náà gan-an ni a sì ń wá, nítorí pé òun ni kò ní jẹ́ kí ìyẹ̀fun tí a tẹ́ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ ya, tí kò sì ní jẹ́ kí ó tú sínú omi gbígbóná. Nítorí náà, ìṣẹ́jú mẹ́wàá kò pọ̀ jù, mẹ́ẹ̀ẹ́dógún sì sàn jù ú lọ. Ojú rẹ̀ máa ń rí gátagàta ní ìbẹ̀rẹ̀, á sì máa dán bọ̀. Bí o bá fi ìka tẹ̀ ẹ́, tí ibẹ̀ rọra ń dìde padà, ó ti tó.

Ìsinmi náà kò ṣeé fò. Bí àwọ̀n yẹn bá ti di tán, ó máa ń le koko, kò sì ní gbà kí o fà á. O kò sọ fún wa pé o dá abọ́ bò ó rárá, mo sì rò pé ohun tí ó mú kí ó máa sún kì padà nìyẹn.

Ẹ̀kejì, ẹyin rẹ kéré. Ìyá àgbà yẹn kò fi òṣùwọ̀n wọ̀n ọ́n nítorí pé ó mọ irú ẹyin tí ó máa ń rà. Ẹyin tí ó bá etto kan mu ni èyí tí ó wọn nǹkan bí 55 gíráàmù lẹ́yìn tí a ti yọ èèpo rẹ̀. Bí tìrẹ kò bá tó bẹ́ẹ̀, ìyẹ̀fun ni kí o dín kù; má kàn sáré lọ bu omi. Máa fi ẹ̀kúnwọ́ ìyẹ̀fun kan sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́, kí o sì máa bù ú sí i bí ọwọ́ rẹ bá ṣe sọ fún ọ.

Ẹ̀kẹta ni náílọ̀n. Ah, náílọ̀n! Tagliatelle tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ gé ṣì ní omi lára, bí a bá sì kó o jọ tí a dé e pa, omi náà á jáde, yóò sì di àtè. Orí aṣọ ni à ń tú u ká sí, tí a ó sì fi ìyẹ̀fun àlìkámà líle tí wọ́n ń pè ní semola wọ́n ọn. Má fi ìyẹ̀fun funfun lásán wọ́n ọn, nítorí pé òun náà á gba omi, á sì lẹ̀.


Bọ̀dé_Ọmọ_Ìbàdàn
Ọjọ́ Ajé, aago méje àárọ̀

Ẹ káàárọ̀ o, Ìyá Tólú. Ẹ kú iṣẹ́ o, àǹtí Àdùkẹ́. Ìkarahun ìmọ̀ ni ẹ fọ́ fún wa yìí. Iṣẹ́ míìtì páì àti ṣín-ṣín ni mo ń ṣe ní Mókọlá, mo sì ti ń ronú láti ọjọ́ pípẹ́ pé bí mo bá lè tẹ́ ṣín-ṣín, ó yẹ kí n lè ṣe pásítà. Ìbéèrè mi ni pé fúláwà tí àwọn oníbúrẹ́dì ń lò ni mo ní ní ṣọ́ọ̀bù. N kò rí èyí tí wọ́n kọ òdo méjì (00) sí lára, tí mo gbọ́ pé àwọn ará Ítálì ń lò. Ǹjẹ́ ó lè ṣiṣẹ́? Ẹ̀ẹ̀kejì, ṣé semola tí ẹ dárúkọ yìí ni sẹ̀mó tí a fi ń rokà? Bí ó bá jẹ́ òun ni, odidi àpò kan wà nílé.


Ọmọ_Ẹ̀gbá_ní_Bari
Ọjọ́ Ajé, aago méjìlá ọ̀sán

Ẹ jẹ́ kí n fèsì sí ti Bọ̀dé, nítorí pé gúúsù ni mo wà, ilẹ̀ semola gan-an.

Orúkọ méjèèjì, semola àti semolina, jáde láti inú ọ̀rọ̀ Látìn kan náà, ẹbí kan sì ni wọ́n. Ṣùgbọ́n wọn kì í ṣe ohun kan náà nínú ìkòkò. Èyí tí wọ́n ń lò fún pásítà níbí ni semola rimacinata, ìtumọ̀ rẹ̀ sì ni pé wọ́n lọ̀ ọ́ lẹ́ẹ̀kan, wọ́n sì tún un lọ̀, títí tí ó fi kúnná. Sẹ̀mó tiwa rí ṣákaṣàka bí iyanrìn, kì í tètè fa omi. Ohun tí ó tún ṣe pàtàkì ni pé kí ẹ ka ara àpò rẹ̀ dáadáa. Bí wọ́n bá ti po àgbàdo mọ́ ọn, ẹ fi í sílẹ̀ fún òkèlè, nítorí pé kò sí gluten nínú àgbàdo, kò sì ní dì mú.

Ní ti òdo méjì, kì í ṣe agbára ìyẹ̀fun ni nọ́ńbà yẹn ń sọ. Bí wọ́n ṣe yọ èèpo ọkà kúrò nínú rẹ̀ tó ni ó ń sọ: èyí tí ó ní òdo méjì ni ó funfun jù, tí ó sì kúnná jù. Fúláwà búrẹ́dì yín á ṣiṣẹ́. Ó kàn lágbára díẹ̀ ni, ẹ fún un ní ìsinmi tí ó tó wákàtí kan.

Ẹ jẹ́ kí n fi kún un pé kì í ṣe gbogbo Ítálì ni ó ń fi ẹyin ṣe pásítà. Bí ẹ bá dé àdúgbò àtijọ́ ìlú Bari, ní òpópónà kan tí wọ́n ń pè ní Arco Basso, ẹ ó rí àwọn ìyá tí wọ́n gbé tábìlì síta lẹ́nu ọ̀nà ilé wọn, tí wọ́n ń ṣe orecchiette, ìyẹn “etí kékeré”. Semola àti omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ nìkan ni: nǹkan bí 50 gíráàmù omi sí 100 gíráàmù semola. Wọ́n á yí i gbọọrọ bí okùn, wọ́n á gé e kéékèèké bí èékánná, wọ́n á fi ojú ọ̀bẹ tí kò mú wọ́ ọ lórí pátákó títí tí yóò fi ká, wọ́n á wá fi orí àtàǹpàkò yí i síta. Ìyá kan fi hàn mí lẹ́ẹ̀mẹta. Èyí tí mo ṣe jọ etí, ó kàn jẹ́ etí ajá ni. Ewé kan tí ó korò díẹ̀ ni wọ́n fi máa ń jẹ ẹ́, cime di rapa. Ẹni tí ó bá fẹ́ràn ewúro tí wọ́n fọ̀ dáadáa kò ní kọ̀ ọ́.


Kẹ́hìndé_Ìjẹ̀bú
Ọjọ́ Ajé, aago kan ọ̀sán

Àwọn ará Ítálì yìí ń gbéraga lórí ohun tí kì í ṣe tiwọn. Ṣé kì í ṣe Marco Polo ni ó gbé pásítà wá láti Ṣáínà ni?


Ọmọ_Ẹ̀gbá_ní_Bari
Ọjọ́ Ajé, aago méjì ọ̀sán

Rárá o, ẹ̀gbọ́n. Ọdún 1295 ni Marco Polo padà dé sí Venice. Ní ọdún 1154, onímọ̀ ilẹ̀ ayé kan tí ó jẹ́ Mùsùlùmí, al-Idrisi, tí ó ń ṣiṣẹ́ fún ọba Roger Kejì ní Sicily, ti kọ ọ́ sílẹ̀ pé ní ìlú Trabia, lẹ́bàá Palermo, wọ́n ń ṣe itriyya púpọ̀, wọ́n sì ń fi ọkọ̀ ojú omi kó o lọ sí ilẹ̀ àwọn Mùsùlùmí àti ti àwọn Kírísítẹ́nì. Oúnjẹ gbígbẹ bí okùn tí wọ́n fi ìyẹ̀fun ṣe ni itriyya. Ibi tí semola tí Bọ̀dé béèrè àti pásítà ẹlẹ́yin ti Àdùkẹ́ ti yà sọ́tọ̀ náà nìyẹn. Oòrùn àti àlìkámà líle ni gúúsù ní, wọ́n sì ń ṣe èyí tí ó ṣeé gbẹ, tí ó ṣeé fi rìnrìn àjò. Àríwá ní àlìkámà rírọ̀ àti ẹyin, wọ́n sì ń ṣe èyí tí a ń jẹ ní ọjọ́ tí a ṣe é. Láti ọdún 1967 ni òfin Ítálì ti ń sọ pé àlìkámà líle nìkan ni kí wọ́n máa fi ṣe pásítà gbígbẹ níbẹ̀. Pásítà tútù ni ó láyè láti lo rírọ̀.


Alàgbà_Fẹ́mi_Peckham
Ọjọ́ Ajé, aago mẹ́jọ alẹ́

Ẹ kú ìjíròrò. Mo ka gbogbo rẹ̀ láti òkè dé ìsàlẹ̀, mo sì fẹ́ béèrè ohun tí ẹnikẹ́ni kò béèrè: kí ni a ń fi ọ̀pá gígùn yẹn ṣe? Mo ti lé ní ẹni ọgọ́ta ọdún, orúnkún àti èjìká mi kò sì gbà á mọ́. Mo ní ẹ̀rọ kékeré kan tí wọ́n ń dè mọ́ etí tábìlì, tí ó ní ọwọ́ tí a ń yí. Mo máa ń ti ìyẹ̀fun pípò wọ ojú rẹ̀ tí ó fẹ̀ jù, màá ká a sí mẹ́ta, màá tún ti í wọlé, nígbà mẹ́rin tàbí márùn-ún. Lẹ́yìn náà ni màá máa dín ojú rẹ̀ kù ní ọ̀kọ̀ọ̀kan. Láàárín ogún ìṣẹ́jú, ó ti tán. Ẹni tí ó ní ọlọ tí ó tún ní ẹ̀rọ ìlọta, èwo ni yóò lò bí àlejò bá ti jókòó?


Ìyá_Tólú_Modena
Ọjọ́ Ajé, aago mẹ́sàn-án alẹ́

Alàgbà, ẹ kú alẹ́ o. N kò ní bá yín jiyàn lórí èjìká. Irọ́ ni bí mo bá sọ pé ọwọ́ ni a fi ń tẹ́ gbogbo èyí tí a ń tà níbi iṣẹ́ wa. Ẹ̀rọ ni ó ń tẹ́ èyí tí ó pọ̀ jù nínú rẹ̀, èyí tí ẹnì kan bá bẹ̀ wá fún ní pàtó ni a ń fi mattarello ṣe. Ṣùgbọ́n ẹ gbà mí láàyè kí n sọ ohun tí ó wà nínú iṣẹ́ ọwọ́ yẹn, nítorí pé kì í ṣe fáàrí.

Irin dídán méjì ni ó wà nínú ẹ̀rọ, ó ń fún ìyẹ̀fun mọ́ra títí tí ojú rẹ̀ yóò fi dán bíi gíláàsì. Igi ni pátákó, igi ni mattarello. Igi máa ń fi ara rẹ̀ sílẹ̀ lára ìyẹ̀fun, ojú rẹ̀ á rí háríhárí díẹ̀, ara háríhárí yìí ni ọbẹ̀ sì ń dì mú. Ẹ se méjèèjì, ẹ bu ọbẹ̀ kan náà lé wọn lórí, kí ẹ wo ìsàlẹ̀ àwo. Ti ẹ̀rọ á fi ọbẹ̀ sílẹ̀ nínú àwo. Ẹni tí ó mọ iyán inú odó yàtọ̀ sí iyán ẹ̀rọ kò ní bi mí ní ìbéèrè kejì.

Ní ti èjìká, ara ni ẹ máa lò dípò apá. Àwọn ìyá tí wọ́n mọ̀ ọ́n, tí wọ́n ń pè ní sfoglina, máa ń jẹ́ kí apá kan ìyẹ̀fun tí wọ́n ti tẹ́ rọ̀ sílẹ̀ létí pátákó, wọ́n á fi ikùn dì í mú, ìwúwo rẹ̀ á sì máa fa ara rẹ̀. Wọ́n á ká òkè rẹ̀ mọ́ mattarello, ọwọ́ méjèèjì á bẹ̀rẹ̀ láti àárín, á sì máa yọ́ lọ sí ẹ̀gbẹ́ bí ọ̀pá náà ti ń yí. Wọ́n á yí i sí ọ̀tún díẹ̀, wọ́n á tún bẹ̀rẹ̀. Kì í ṣe pé wọ́n ń tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀ bí ẹni ń lọ ata. Wọ́n ń nà án ni. Ọ̀rọ̀ yìí ni ó pẹ́ jù kí ó tó yé mi, ó sì gbà mí tó oṣù mẹ́fà.


Àdùkẹ́_Bologna
Ọjọ́ Àìkú tí ó tẹ̀lé e, aago mẹ́ta ọ̀sán

Mo ti padà dé o, mo sì ní ìròyìn.

Mo kọ́kọ́ wọn ẹyin mi: 46 gíráàmù ni ọ̀kan nínú wọn lẹ́yìn tí mo yọ èèpo! Ìyá Tólú, ẹnu yín kò ní jọ̀bọ́ o. Mo dín ìyẹ̀fun kù sí 340 fún ẹyin mẹ́rin, mo gbé fóònù síwájú mi, mo sì pò ó fún ìṣẹ́jú mẹ́ẹ̀ẹ́dógún gbáko. Ní ìṣẹ́jú keje, ó dà bíi pé kí n fi sílẹ̀, ọwọ́ ìyá mi sì ń dún ní etí mi. Ní ìkọkànlá ni ó yí padà lójijì, mo lè fi ọwọ́ mọ̀ ọ́n: ó dẹ̀, ó dán, ó sì tutù bí etí ọmọdé. Mo dá abọ́ bò ó, mo fi ogójì ìṣẹ́jú kàwé.

Lẹ́yìn tí mo tẹ́ ẹ tán, mo tẹ́ ẹ sórí aṣọ títí tí kò fi lẹ̀ mọ́ ọwọ́ mọ́, ṣùgbọ́n tí ó ṣì ṣeé ká bí ẹní. Nǹkan bí ogún ìṣẹ́jú ni, fèrèsé sì wà ní ṣíṣí. Mo ká a, mo sì fi ọ̀bẹ ńlá gé e. Níbi gígé yìí ni mo ti rántí ohun tí ìyá àgbà sọ fún wa tí a rò pé ó ń dápàárá ni. Ó ní òfin wà lórí bí tagliatelle ṣe gbọ́dọ̀ fẹ̀ tó. Mo wádìí rẹ̀, òótọ́ sì ni, bí kò tilẹ̀ jẹ́ òfin tí ọlọ́pàá fi ń mú ènìyàn: ní ọjọ́ 16 oṣù kẹrin ọdún 1972, wọ́n fi ìwọ̀n náà sí ìpamọ́ ní ilé ìgbìmọ̀ àwọn oníṣòwò Bologna, wọ́n sì fi wúrà ṣe àwòṣe rẹ̀. Mìlímítà 8 ni ó gbọ́dọ̀ fẹ̀ lẹ́yìn tí ó bá jinná, wọ́n sì tún sọ ọ́ lọ́nà mìíràn, pé kí ó jẹ́ ìdá kan nínú 12,270 gíga ilé ìṣọ́ Asinelli tí ó wà láàárín ìlú. Ilé ìṣọ́ náà ga tó mítà 97.2. Mo fi fóònù ṣírò rẹ̀, ó fún mi ní 7.92. Ẹ ò rí i pé wọn kò purọ́. Níwọ̀n bí ó ti máa ń wú nínú omi, mo gé tèmi ní bíi mìlímítà 7, àwọn kan fẹ̀, àwọn kan tín-ín-rín, ilé ìṣọ́ kan ṣoṣo kọ́ ni mo fi wọ̀n wọ́n.

Mo sè é nínú omi púpọ̀, lítà kan fún 100 gíráàmù, iyọ̀ 10 gíráàmù fún lítà kọ̀ọ̀kan. Ìṣẹ́jú méjì àbọ̀, ó jinná. N kò fi omi tútù ṣàn án bí a ṣe máa ń ṣe fún sipágẹ́tì nílé. Láti inú ajere ni mo dà á sínú ọbẹ̀ tààrà pẹ̀lú ife omi kan nínú èyí tí mo fi sè é. Ọ̀kan nínú àwọn tí a jọ ń gbé, ọmọ Bologna gan-an, jẹ ẹ́ tán kò sọ̀rọ̀. Ó kàn fi búrẹ́dì nu àwo ni. San Luca nìkan ni n kò tíì rí láti ẹ̀yìn rẹ̀. Òjìji àmúga ni mo rí.


Ìyá_Tólú_Modena
Ọjọ́ Àìkú, aago mẹ́rin ọ̀sán

Ọmọ Bologna tí ó fi búrẹ́dì nu àwo! Má wá oríyìn mìíràn mọ́, wọn kì í sọ ju bẹ́ẹ̀ lọ. Òjìji àmúga ti tó fún ẹ̀ẹ̀kejì.


Alàgbà_Fẹ́mi_Peckham
Ọjọ́ Àìkú, aago márùn-ún ìrọ̀lẹ́

Mo gbìyànjú ọ̀rọ̀ ìsàlẹ̀ àwo yẹn. Mo fi ìgò wáìnì tẹ́ ìdajì nítorí pé n kò ní ọ̀pá, mo sì fi ẹ̀rọ tẹ́ ìdajì. Ó dùn mí láti sọ ọ́, ṣùgbọ́n òótọ́ ni Ìyá Tólú sọ, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé gíláàsì ni ìgò tèmi, pátákó nìkan ni ó jẹ́ igi. Èmi yóò ṣì máa lo ẹ̀rọ mi fún ọjọ́ tí àlejò bá pọ̀.


Bọ̀dé_Ọmọ_Ìbàdàn
Ọjọ́ Àìkú, aago mẹ́jọ alẹ́

Ẹ má jẹ́ kí àwọn ará òkè òkun nìkan jẹ̀gbádùn rẹ̀. Èmi náà ṣe é lónìí pẹ̀lú fúláwà búrẹ́dì. Mo pò ó, ó dán, mo jẹ́ kí ó sinmi fún wákàtí kan gẹ́gẹ́ bí Ọmọ Ẹ̀gbá ṣe wí, ó sì gbà kí n tẹ́ òun. Pupa ẹyin tiwa níbí kò pọ́n, nítorí náà funfun ni tèmi, kò ní àwọ̀ wúrà tí mo ń rí nínú àwòrán. Ìyẹn kò dùn mí. Ohun tí ó dùn mí ni fáànù. Ooru mú, mo tan fáànù sí i kí ó lè yá gbẹ, mo sì jáde lọ dá oníbàárà kan lóhùn. Nígbà tí mo padà, ó ti gan bí pépà, bí mo sì ti fẹ́ ká a báyìí ni ó sán wẹ́wẹ́. Gbogbo pátákó kún fún àfọ́kù. Ṣé kí n dà á nù ni?


Ìyá_Tólú_Modena
Ọjọ́ Àìkú, aago mẹ́jọ àbọ̀ alẹ́

Má dà á nù rárá! Orúkọ wà fún un. Maltagliati ni wọ́n ń pè é níbí, ìyẹn “èyí tí a gé burúkú”, àfọ́kù àti etí tí ó ṣẹ́kù lára ìyẹ̀fun ni wọ́n sì máa ń fi ṣe é. Ẹ̀wà ni wọ́n máa ń sè é pẹ̀lú. Se ẹ̀wà rẹ títí tí yóò fi rọ̀ dáadáa, pẹ̀lú àlùbọ́sà, kárọ́ọ̀tì àti òróró ólífì bí o bá ní. Bu ìdajì rẹ̀, gún un, dà á padà sínú ìkòkò kí omi rẹ̀ lè ki. Nígbà tí ó bá ń hó, da àfọ́kù náà sí i, ìṣẹ́jú mẹ́ta péré, kí o sọ̀ ọ́ kalẹ̀. Ṣùgbọ́n sè é lálẹ́ òní, nítorí pé ẹyin tútù wà nínú rẹ̀, ooru Ìbàdàn kò sì ní jẹ́ kí ó di ọ̀la. Lọ́jọ́ mìíràn, pa fáànù, bo ìyẹ̀fun náà pẹ̀lú aṣọ, kí o sì máa fọwọ́ kàn án ní ìṣẹ́jú márùn-ún márùn-ún.


Bọ̀dé_Ọmọ_Ìbàdàn
Ọjọ́ Àìkú, aago mẹ́jọ kọjá ìṣẹ́jú ogójì

Ẹ ṣeun púpọ̀, mà. Ẹ̀wà olóyin wà nílé. Mo ń lọ gbé omi kaná.